Bàálù Tí Ń Jẹ́ Olùkọ́

Ẹ̀yin ọmọ, ta ni ó ń kọ́ awakọ̀ bàálù níṣẹ́? Ẹni tó fẹ́ mọ ọkọ̀ ilẹ̀ wà lè kọ́ ọ díẹ̀díẹ̀ ní pápá. Bí ẹ̀rù bá bà á, yóò tẹ bíréèkì, yóò sì sọ̀ kalẹ̀. Ẹni tó ń kọ́ bàálù kò ní irú àyè bẹ́ẹ̀. Kò sí ẹ̀bá ọ̀nà lójú ọ̀run. Bí ó bá ṣe àṣìṣe, ilẹ̀ ni ó ń dúró dè é nísàlẹ̀.

Nítorí èyí ni àwọn ènìyàn fi ṣe bàálù kan tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ láti kọ́ni. Kì í kó èrò. Kì í ru ẹrù. Ènìyàn méjì péré ni ó ń gbà, akẹ́kọ̀ọ́ kan àti olùkọ́ rẹ̀. Orúkọ rẹ̀ ni Fouga Magister. Fouga ni orúkọ ilé-iṣẹ́ tó ṣe é ní ilẹ̀ Faransé. Magister jẹ́ ọ̀rọ̀ èdè Látìnì, èdè àwọn ará Róòmù àtijọ́. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni olùkọ́.

Àwọn tó ń tún ọkọ̀ ojú irin ṣe

Àwa ará Ṣábẹ̀ẹ́ mọ ohun tí à ń pè ní ojú irin. Ojú irin tó ti Kùtọnú lọ sí Parakú gba ìlú wa kọjá. Ó lè yà yín lẹ́nu láti gbọ́ pé nídìí ọkọ̀ ojú irin ni ìtàn bàálù yìí ti bẹ̀rẹ̀.

Ní ọdún 1920, ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Gaston Fouga dá ilé-iṣẹ́ sílẹ̀ ní ìlú Béziers, ní gúúsù ilẹ̀ Faransé. Wágọ̀nù ọkọ̀ ojú irin tó bàjẹ́ ni wọ́n ń tún ṣe níbẹ̀. Nígbà tó yá, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe bàálù pẹ̀lú, ní ìlú kékeré kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Aire-sur-l'Adour. Àwọn méjì ló ń ya àwòrán bàálù náà kí àwọn òṣìṣẹ́ tó kàn án. Robert Castello ni ọ̀kan, Pierre Mauboussin ni èkejì. Bí ẹ bá rí CM lára orúkọ bàálù Fouga, C dúró fún Castello, M dúró fún Mauboussin.

Bàálù tí kò ní ẹ́ńjìnì ni wọ́n kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n ṣe. Ṣé irú bàálù bẹ́ẹ̀ lè fò? Ó lè fò. Ẹ wo òkè Ṣábẹ̀ẹ́ lọ́sàn-án gangan nígbà tí oòrùn bá mú. Ẹ ó rí àwòdì tó na apá méjèèjì, tó ń rà bàbà lójú ọ̀run. Kì í ju apá rárá, síbẹ̀ kì í já bọ́. Atẹ́gùn gbígbóná tó ń ti orí àpáta gòkè ni ó ń gbé e. Bàálù tí kò ní ẹ́ńjìnì ń ṣe bíi ti àwòdì náà. Apá rẹ̀ gùn, ó sì tẹ́ẹ́rẹ́. Ara rẹ̀ fúyẹ́. Bàálù mìíràn á fi okùn fà á gòkè, á tú okùn náà sílẹ̀, òun á sì máa fò lọ jẹ́jẹ́.

Ẹni tó ń ṣe irú bàálù yìí kò gbọdọ̀ fi nǹkan kan ṣòfò. Ohun tó bá wúwo láìnídìí, yóò yọ ọ́ kúrò. Ibi tó bá ṣe hágahàga, yóò fá a kí ó dán, kí atẹ́gùn lè máa yọ̀ kọjá lára rẹ̀. Ẹ fi èyí sọ́kàn. Ọgbọ́n tí wọ́n kọ́ lára bàálù aláìlẹ́ńjìnì ni wọ́n padà fi ṣe Magister.

Bàlúùnù tó sá lọ

Ní ìgbà náà, ẹ́ńjìnì tuntun kan ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ayé. Jẹ́ẹ̀tì ni wọ́n ń pè é. Bàálù àtijọ́ ní abẹ̀bẹ̀ ńlá ní imú rẹ̀. Abẹ̀bẹ̀ yìí á máa yí, á sì máa fa bàálù lọ síwájú. Bàálù jẹ́ẹ̀tì kò ní abẹ̀bẹ̀ ní imú.

Báwo ló ṣe ń rìn nígbà náà? Ẹ fẹ́ atẹ́gùn sínú bàlúùnù títí yóò fi wú. Ẹ má so ẹnu rẹ̀. Ó yá, ẹ jù ú sílẹ̀. Fíììì! Ó ti sá lọ. Atẹ́gùn ń tú jáde lẹ́yìn, bàlúùnù ń sáré lọ síwájú. Bí jẹ́ẹ̀tì ṣe ń ṣe gan-an nìyẹn, àmọ́ atẹ́gùn inú bàlúùnù á tán, ti jẹ́ẹ̀tì kì í tán. Ẹ́ńjìnì náà ń gba atẹ́gùn wọlé láti iwájú. Ohun kan bí abẹ̀bẹ̀ kéékèèké wà nínú rẹ̀ tó ń yí, tó sì ń fún atẹ́gùn náà pọ̀. Lẹ́yìn náà ni epo á dà sí i, irú epo tó fara jọ kẹrosíìnì tí a ń fi tan àtùpà. Iná á ràn. Atẹ́gùn á gbóná, á wú, á sì fi agbára tú jáde lẹ́yìn. Bí ó ti ń jáde, á tún yí abẹ̀bẹ̀ mìíràn, èyí tó so mọ́ ti iwájú. Ti iwájú á wá fa atẹ́gùn tuntun wọlé. Bẹ́ẹ̀ ni yóò máa ṣe títí epo yóò fi tán.

Jẹ́ẹ̀tì yára púpọ̀. Ibẹ̀ gan-an ni ìṣòro ti bẹ̀rẹ̀. Bàálù alábẹ̀bẹ̀ ni àwọn akẹ́kọ̀ọ́ fi ń kọ́ṣẹ́. Bí wọ́n bá ti parí, wọ́n ní láti bọ́ sínú jẹ́ẹ̀tì tó lágbára. Ó dà bí ìgbà tí ọmọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ kẹ̀kẹ́ gùn bá gun alùpùpù zémìjàn lọ sójú títì ńlá. Jẹ́ẹ̀tì ìgbà náà ń jẹ epo púpọ̀, ó sì lọ́ra láti gba agbára. Bí awakọ̀ bá rí i pé òun ti ń lọ sílẹ̀ jù, tó sì fún ẹ́ńjìnì ní epo sí i, agbára náà kò ní í dé lójú ẹsẹ̀. Ẹni tí kò bá mọ èyí ṣáájú lè pẹ́ jù kó tó fún un ní epo. Ó yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ kọ́ ìwà jẹ́ẹ̀tì lára jẹ́ẹ̀tì kékeré, nígbà tí olùkọ́ ṣì wà lẹ́yìn rẹ̀.

Ẹ́ńjìnì tó ń jẹ́ orúkọ òkè

Ta ni yóò ṣe ẹ́ńjìnì kékeré? Àwọn ilé-iṣẹ́ ńlá ń ṣe ẹ́ńjìnì ńlá. Ṣùgbọ́n ní ìlú Bordes, tí kò jìnnà sí Aire-sur-l'Adour, ilé-iṣẹ́ kan wà tó ń jẹ́ Turbomeca. Joseph Szydlowski ni ọ̀gá ibẹ̀. Kékeré ni òun gbájú mọ́ ní tirẹ̀. Òkè gíga ló yí agbègbè náà ká, àwọn òkè tó wà láàárín ilẹ̀ Faransé àti ilẹ̀ Sípéènì. Turbomeca fi orúkọ òkè wọ̀nyẹn sọ ẹ́ńjìnì wọn. Ọ̀kan ń jẹ́ Piméné, ọ̀kan ń jẹ́ Palas, ọ̀kan sì ń jẹ́ Marboré. Ká ní Ṣábẹ̀ẹ́ ni wọ́n ti ṣe é ni, bóyá à bá máa gbọ́ pé ẹ́ńjìnì kan ń jẹ́ Òkè Ṣábẹ̀ẹ́.

Piméné ni ó kéré jù. Agbára tó fi ń ti bàálù kò ju ìwọ̀n kílò 100 lọ púpọ̀, ìyẹn bí ìgbà tí àpò sìmẹ́ńtì 2 bá tẹ nǹkan. Castello àti Mauboussin mú ọ̀kan lára bàálù aláìlẹ́ńjìnì wọn, wọ́n sì gbé Piméné lé e lẹ́yìn, bí ìyá ṣe ń pọn ọmọ. Sylphe ni wọ́n sọ bàálù náà. Ní ọjọ́ 14 oṣù Keje ọdún 1949, ó fò.

Ẹ jẹ́ ká ronú díẹ̀. Bí ẹ́ńjìnì bá wà ní ẹ̀yìn bàálù, iná àti atẹ́gùn gbígbóná rẹ̀ yóò máa lọ sí ibo? Ìrù ni yóò máa fẹ́ lù. Ìrù bàálù sábà máa ń ní apá kan tó dúró ṣánṣán, àti méjì tó na sí ẹ̀gbẹ́. Èyí tó dúró ṣánṣán yóò wà lójú iná gan-an. Kí ni wọ́n ṣe? Wọ́n yọ ọ́ kúrò! Wọ́n gbé méjì tó kù sókè díẹ̀, ọ̀kan sí ọ̀tún, ọ̀kan sí òsì, títí ìrù náà fi rí bíi pàlàkà igi. Ó rí bíi lẹ́tà V tí ẹ mọ̀ nínú ìwé Faransé yín, tí kò sí nínú ábídí Yorùbá. Atẹ́gùn gbígbóná ń gba àárín pàlàkà náà kọjá, kò sì lu ohunkóhun. Apá méjì wá ń ṣe iṣẹ́ mẹ́ta. Bí méjèèjì bá jọ tẹ̀ sókè tàbí sísàlẹ̀, imú bàálù á gòkè tàbí kí ó lọ sílẹ̀. Bí ọ̀kan bá tẹ̀ sókè tí èkejì tẹ̀ sísàlẹ̀, imú rẹ̀ á yí sí ẹ̀gbẹ́ kan. Ní tèmi o, mi ò rí ìrù bàálù tó dùn ún wò tó o.

Wọ́n wá ya àwòrán bàálù kékeré tí akẹ́kọ̀ọ́ yóò fi kọ́ jẹ́ẹ̀tì. Ẹ́ńjìnì Palas méjì ni wọ́n ní kí ó wà lára rẹ̀. Wọ́n gbé àwòrán náà lọ fún ẹgbẹ́ ọmọ ogun òfuurufú ilẹ̀ Faransé. Àwọn yẹn wò ó, wọ́n ní agbára rẹ̀ kò tó. Ẹ lọ ṣe é kí ó tóbi jù báyìí lọ.

Castello àti Mauboussin kò bínú. Wọ́n tún àwòrán náà yà. Wọ́n fi Marboré rọ́pò Palas. Agbára Marboré kan tó ìwọ̀n kílò 400, ìyẹn àpò sìmẹ́ńtì 8. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1950, ìjọba ní kí wọ́n ṣe 3 wá kí àwọn fi dán an wò.

Táyéwò àti Kẹ́hìndé lójú ọ̀run

Wọ́n ní láti kọ́kọ́ dán ẹ́ńjìnì Marboré wò lókè. Inú bàálù wo ni kí wọ́n gbé e sí? Sylphe kò lè gbé e, ó kéré jù. Ohun tí wọ́n ṣe yóò dùn mọ́ yín nínú. Wọ́n mú Sylphe méjì, wọ́n tò wọ́n sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn, wọ́n sì fi apá kan ṣoṣo so wọ́n pọ̀ láàárín. Ara méjì, ìrù pàlàkà méjì, bàálù kan! Orúkọ wo ni ẹ rò pé wọ́n sọ ọ́? Gémeaux ni. Ẹ wá ìtumọ̀ rẹ̀ nínú ìwé Faransé yín. Ìbejì ni.

Bàálù Ìbejì fò ní ọdún 1951. Lórí rẹ̀ ni wọ́n ti dán ẹ́ńjìnì Turbomeca wò lọ́kọ̀ọ̀kan, títí tí wọ́n fi dán Marboré wò. Kò pẹ́ tí Ìbejì fi parí iṣẹ́ rẹ̀, ẹni tó sì mọ̀ ọ́n lónìí kò pọ̀. Ṣùgbọ́n nínú gbogbo bàálù inú ìtàn yìí, òun ni mo fẹ́ràn jù.

Ní ọjọ́ 23 oṣù Keje ọdún 1952, Magister àkọ́kọ́ fò. Ẹ́ńjìnì Marboré méjì ló ní, ọ̀kan ní ìhà ọ̀tún, ọ̀kan ní ìhà òsì. Ìrù pàlàkà ṣì wà lára rẹ̀. Ó wà lára àwọn bàálù jẹ́ẹ̀tì àkọ́kọ́ láyé tí wọ́n dìídì ṣe nítorí akẹ́kọ̀ọ́.

Nínú Magister

Ẹ wọn mítà 12 sílẹ̀ nínú pápá ilé-ẹ̀kọ́ yín. Apá Magister láti ìka kan dé èkejì fẹ́rẹ̀ẹ́ tó bẹ́ẹ̀. Gígùn rẹ̀ láti imú dé ìrù jẹ́ bíi mítà 10. Bí kò bá sí epo àti ènìyàn nínú rẹ̀, ó wúwo tó bí àpò sìmẹ́ńtì 43. Ìyẹn kéré fún bàálù jẹ́ẹ̀tì. Nítorí pé kò ní abẹ̀bẹ̀ tó lè gbá ilẹ̀, ẹsẹ̀ rẹ̀ kúrú. Bó bá dúró sílẹ̀, ṣe ló ń rí bí adìyẹ tó sàba lé ẹyin.

Ó sì lè sá eré tó ju kìlómítà 700 lọ ní wákàtí kan. Ẹ bi àwọn òbí yín léèrè bí wọ́n ṣe ń pẹ́ tó lójú ọ̀nà láti Kùtọnú dé Ṣábẹ̀ẹ́. Magister kò ní í lò ju bí ìṣẹ́jú 20 lọ.

Akẹ́kọ̀ọ́ ló ń jókòó níwájú. Olùkọ́ wà lẹ́yìn rẹ̀. Ọ̀pá tí wọ́n fi ń darí bàálù wà níwájú àwọn méjèèjì. Bí akẹ́kọ̀ọ́ bá ti tirẹ̀, ti olùkọ́ náà á tẹ̀. Olùkọ́ lè fi ọwọ́ lé e kí ó máa fọkàn bá akẹ́kọ̀ọ́ lọ. Bí nǹkan bá fẹ́ bàjẹ́, yóò gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ lójú ẹsẹ̀.

Àmọ́ báwo ni olùkọ́ ṣe ń ríran? Orí akẹ́kọ̀ọ́ àti ìjókòó rẹ̀ ti dí i lójú. Ẹ̀yin tó ń jókòó lẹ́yìn ọmọ gíga nínú kíláàsì mọ ohun tí mò ń sọ. Wọ́n wá ṣe ohun kan fún un bí ọ̀pá oníhò, tí dígí wà nínú rẹ̀. Orí rẹ̀ yọ jáde lókè bàálù. Ohun tó wà níwájú á hàn nínú dígí òkè, á sì gba inú ọ̀pá náà sọ̀ kalẹ̀ dé ojú olùkọ́. Báyìí ni olùkọ́ ṣe ń rí ọ̀nà láti ẹ̀yìn akẹ́kọ̀ọ́, pàápàá nígbà tí wọ́n bá fẹ́ balẹ̀.

Ohun kan wà tó kù díẹ̀ káàtó. Nínú ọ̀pọ̀ bàálù ogun, ìjókòó wà tó lè ta awakọ̀ jáde bí ewu bá dé. Magister kò ní irú rẹ̀. Bí ewu bá dé, awakọ̀ ní láti ṣí ìdérí dígí orí rẹ̀, kí ó fò jáde fúnra rẹ̀, kí ó sì ṣí pàràsúùtù tó gbé kọ́rùn. Bí bàálù náà bá ti sún mọ́ ilẹ̀ jù, kò sí àyè láti ṣe gbogbo èyí. Ẹni tó wọ Magister mọ̀ bẹ́ẹ̀ kí ó tó wọ̀ ọ́.

Fèrè àkùkọ

Marboré kì í bú ramúramù. Ṣe ló ń fọn fèrè. Ohùn rẹ̀ tín-ín-rín, ó sì ń gúnni létí. Nígbà tí àwọn ará Fínlándì ra Magister, wọ́n sọ ọ́ ní Kukkopilli. Fèrè kan ni, tí wọ́n máa ń fi amọ̀ mọ bí àkùkọ fún ọmọdé láti fọn. Àwọn ará Amẹ́ríkà náà gba àṣẹ láti ṣe irú Marboré nílẹ̀ wọn. Wọ́n fi í sínú bàálù akẹ́kọ̀ọ́ tiwọn, Cessna T-37, tó kọ́kọ́ fò ní ọdún 1954. Ariwo ẹyẹ kékeré ni àwọn náà fi sọ ọ́ lórúkọ.

Magister tí wọ́n ṣe lé ní 900. Wọ́n ṣe é ní Faransé, wọ́n sì tún ṣe é ní Jámánì, ní Fínlándì àti ní Ísírẹ́lì. Láti ọdún 1964 títí di 1980, òun ni àwọn ọ̀jáfáfá awakọ̀ Faransé fi ń dárà lójú ọ̀run. Wọ́n á tò tẹ̀lé ara wọn, wọ́n á sì máa tú èéfín aláwọ̀ búlúù, funfun àti pupa sílẹ̀, bí àsíá ìlú wọn. Ṣùgbọ́n kì í ṣe eré àti ẹ̀kọ́ nìkan ni wọ́n lò ó fún. Ó ṣeé so ìbọn mọ́ lára, àwọn mìíràn sì gbé e lọ sójú ogun.

Ó dé ilẹ̀ Áfíríkà náà. Àwọn ọmọ ogun òfuurufú Tógò, aládùúgbò wa, lò ó. Kamẹrúùnù lò ó, Sẹ̀nẹ̀gàl àti Mòrókò náà lò ó. Lónìí, ẹni tó bá dé ilé tí wọ́n ń kó bàálù àtijọ́ sí ní Le Bourget, lẹ́gbẹ̀ẹ́ Páríìsì, yóò rí Magister níbẹ̀ pẹ̀lú ìrù pàlàkà rẹ̀.

Nígbà tó dàgbà, Faransé àti Jámánì pawọ́ pọ̀ ṣe bàálù akẹ́kọ̀ọ́ mìíràn. Alpha Jet ni orúkọ rẹ̀. Ó kọ́kọ́ fò ní ọdún 1973. Tógò ra díẹ̀ nínú rẹ̀. Nàìjíríà náà rà á, wọ́n sì kó o sí Kàìnjì, lẹ́bàá odò Ọya. Ìrù Alpha Jet dúró ṣánṣán bíi ti bàálù yòókù. Ìjókòó rẹ̀ lè ta awakọ̀ jáde bí ewu bá dé. Wọ́n sì gbé ìjókòó ẹ̀yìn ga ju ti iwájú lọ, kí olùkọ́ lè máa fi ojú ara rẹ̀ wo ọ̀nà láti òkè orí akẹ́kọ̀ọ́, láìsí ọ̀pá onídígí.